Oníbàárà Iṣu Nínú Fíìmù Sylvanus

Ní ọdún 1997, àbúrò mi Sylvanus pinnu pé òun máa ṣe fíìmù. Fọ́tò ló ń yà ní Ọ̀wọ̀. Ó ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan lẹ́bàá títì tó lọ sí Bìní, ó sì ti ra kámẹ́rà fídíò kan tó fi ń ya ìgbéyàwó àti ìsìnkú. Ó sọ fún mi pé òun ti ya àwọn tó dùbúlẹ̀ tó, òun fẹ́ ya àwọn tó ń sáré.

Ìtàn inú fíìmù náà kò le. Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan wà, ọ̀kan nínú àwọn tí ìjọba ń rán láti mú àwọn tó ń ta oògùn olóró. Ó ṣe bí ọlọ́kadà, ó wọ àárín àwọn tó ń ta igbó, ó ń gbé wọn káàkiri, ó ń gbọ́ ọ̀rọ̀ wọn. Níkẹyìn ó wá mú ọ̀gá wọn, obìnrin burúkú kan tí wọ́n ń pè ní Màdáàmù Ewé, níbi tó ti ń tajà fún oníbàárà ńlá kan.

Lateef ni Sylvanus mú ṣe ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́. Ìdí rẹ̀ kò ju méjì lọ. Ọlọ́kadà ni Lateef lóòótọ́, nítorí náà a kò ní wá alùpùpù kiri, ó sì ní jákẹ́ẹ̀tì awọ kan tó rà nínú aṣọ òkìrìkà. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti sọ fún un pé òun ni olórí òṣèré, kò bọ́ jákẹ́ẹ̀tì yẹn mọ́, bí oòrùn ti wù kó mú tó. Káfíńtà kan bá wọn fi igi gbẹ́ ìbọn, wọ́n fi èédú kùn ún kó lè dúdú. Gbogbo ohun tí Lateef bá fọwọ́ kàn lẹ́yìn tó bá ti mú ìbọn náà ló ń di dúdú, títí kan imú òun fúnra rẹ̀.

Igbó ló kù. A kò lè lọ wá igbó tòótọ́, àwa kọ́. Èmi ni mo rántí pé bí ewé ẹ̀gẹ́ bá gbẹ, ó jọ ọ́. Ọkọ mi ní oko ẹ̀gẹ́ ní Ìdásẹn, a já ewé rẹ̀, a sá a sórí àpáta, a sì rọ ọ́ sínú àpò. Ewúrẹ́ jẹ nínú rẹ̀ kó tó gbẹ, ṣùgbọ́n èyí tó ṣẹ́kù tó fún iṣẹ́ wa. Ẹni tó bá dúró lókèèrè lè búra.

Ohun tó wá le ni Màdáàmù Ewé. Kò sí obìnrin tó gbà á ṣe. Gbogbo ẹni tí Sylvanus bá lọ bá ló fẹ́ wà nínú fíìmù, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó fẹ́ ta igbó níbẹ̀. Ọ̀kan ní kí òun ṣe nọ́ọ̀sì. Sylvanus ní kò sí nọ́ọ̀sì nínú ìtàn náà. Obìnrin náà ní kó fi sí i. Níkẹyìn Agatha tá a jọ wà nínú ẹgbẹ́ akọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì Kátólíìkì gbà, nítorí pé wíìgì tí Màdáàmù Ewé máa dé wù ú. Ọjọ́ tí iṣẹ́ yẹ kó bẹ̀rẹ̀, ó fi wíìgì náà ránṣẹ́ padà. Ó ní ọkọ òun ní ọmọbìnrin àwọn ti tó ilé ọkọ, tí àwọn èèyàn bá wá wádìí àwọn, kí ni wọ́n fẹ́ gbọ́?

Ọ̀rọ̀ Agatha kì í ṣe àwáwí. Bí ọmọkùnrin bá ti sọ nílé pé òun rí ọmọbìnrin tó wu òun, kí ẹbí rẹ̀ tó wá kan ilẹ̀kùn, wọ́n á kọ́kọ́ rán ẹnìkan jáde. Ẹni náà kò ní sọ ibi tó ti wá. Á dé bí ẹni tó ń wá yàrá tó fẹ́ háyà, tàbí bí ẹni tó ṣìnà, á jókòó, á tọrọ omi, á máa wò. Wọ́n fẹ́ mọ̀ bóyá wèrè wà nínú ìdílé yẹn, bóyá olè wà níbẹ̀, bóyá àwọn obìnrin ibẹ̀ máa ń jà. Ìdílé tí wọ́n wá wádìí kò gbọdọ̀ fi hàn pé àwọn mọ̀. Kódà bí wọ́n bá mọ̀, ojú tí wọ́n fi ń wo àlejò lásán ni wọ́n gbọ́dọ̀ fi wò ó. Tí o bá gbé ẹran ńlá síwájú rẹ̀, wọ́n á ní o ń fi nǹkan bo nǹkan. Tí o bá sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé ara rẹ, ó tán.

Èmi náà ní ọmọbìnrin. Folúkẹ́ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí ní Pólì, ó sì ti mú ọmọkùnrin kan wá fún wa rí, Olúgbádé, tíṣà ni, ọmọ Ìkàrẹ́. Ọmọ náà wù wá. Folúkẹ́ sì ti sọ fún mi pé bí kì í bá ṣe Olúgbádé, kò sí ẹlòmíràn, mo sì mọ ọmọ mi, kì í sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lásán. Ṣùgbọ́n alárinà wọn ti wá sọ fún wa pé ẹbí ọkọ ti lọ béèrè wa lọ́wọ́ Fadá, Fadá sì sọ̀rọ̀ wa dáadáa. Mo rò pé ìwádìí ti parí nìyẹn.

Nítorí náà, nígbà tí Sylvanus dọ̀bálẹ̀ gbalaja sínú erùpẹ̀ oko ní Ìdásẹn, tí wíìgì Agatha wà lọ́wọ́ rẹ̀, tó ní òun ti kó gbogbo èèyàn jọ, mo wò ó títí, mo sì gba wíìgì náà. Ó fún mi ní awò ojú dúdú sí i. Ó ní pẹ̀lú èyí, ìyá wa fúnra rẹ̀ tó wà lọ́run kò ní dá mi mọ̀. Mo wo ọkọ mi, Fẹ̀sọ̀jayé. Ó ní òun kò ní nǹkan kan láti sọ. Bó bá ti sọ bẹ́ẹ̀, ohun tó wà nínú rẹ̀ pọ̀.

Mo dé wíìgì, mo wọ awò, mo dúró níwájú ahéré wa, mo gbé ẹsẹ̀ kan lé àpò igbó. Sylvanus fi bébà wé ẹfun bíi sìgá, ó ní kí n mú un dání. A kò tíì bẹ̀rẹ̀ tí ìyá arúgbó kan tó ń lọ sí oko tiẹ̀ kọjá.

Ó ní, "Ìyá Folúkẹ́, ẹ kú iṣẹ́ o. Ta ló bá yín ṣe orí báyìí?"

Mo dá a lóhùn pé Sylvanus ni. Ó kí mi pé mo kú ìfaradà, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Lateef la wá ń retí. Ó pẹ́ kó tó dé, nígbà tó sì dé, obìnrin kan wà lẹ́yìn rẹ̀ lórí ọ̀kadà. Obìnrin náà ga, ó wé gèlè dáadáa, ó mú báàgì aláwọ̀ dúdú tó ń dán lọ́wọ́. Lateef ní òun pàdé rẹ̀ ní gáréèjì Ọ̀wọ̀ níbi tó ti ń béèrè ilé wa, òun sì ní kí ló fẹ́ lọ ṣe nílé nígbà tí àwọn onílé wà lóko, lòun bá gbé e wá. Ó ń wo ojú mi bí ẹni tó ń retí ìyìn.

Obìnrin náà kí gbogbo wa. Ó ní ará Àkókó lòun, iṣu lòun ń rà, wọ́n sì sọ fún òun pé iṣu ọkọ mi dára.

Mo wò ó. Kò mú àpò dání, kò mú okùn dání, kò mú ẹnikẹ́ni tó máa bá a gbẹ́rù wá. Báàgì tó mú jẹ́ irú èyí tí èèyàn ń gbé lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ ìkórè. Mo tún wo ojú rẹ̀ lábẹ́ gèlè, mo rí Olúgbádé níbẹ̀. Iwájú orí tó fẹ̀ yẹn kan náà ni. Bó sì ti ń tẹ́tí sí ọ̀rọ̀ Lateef, ó di ojú kan, gẹ́gẹ́ bí Olúgbádé ti máa ń di ojú kan bí ọkọ mi bá ń bá a sọ̀rọ̀.

Mo kúnlẹ̀ láti kí i, wíìgì ṣubú bò mí lójú, sìgá ẹfun kán mọ́ mi lọ́wọ́.

Kò rò pé onígbó ni wá. Ó rí kámẹ́rà, ó rí Sylvanus tó ń di ojú kan tó ń fi èkejì wo inú rẹ̀, ó mọ̀ pé fíìmù la ń ṣe. Ibi tó ti burú gan-an nìyẹn. Ẹni tó bá rò pé mo ń ta igbó, mo lè fi ewé ẹ̀gẹ́ hàn án, ọ̀rọ̀ parí. Ṣùgbọ́n ẹni tó mọ̀ pé mo dé wíìgì, mo jáde síta gbangba, mo sì gbà kí wọ́n ya mí bí olórí àwọn onígbó, kí wọ́n tà á ní gbogbo ṣọ́ọ̀bù kásẹ́ẹ̀tì láti ibí dé Àkúrẹ́, kí ni màá sọ fún un? Báwo ni màá sì ṣe sọ ọ́? Oníbàárà iṣu ló pe ara rẹ̀. Kò sí ìyàwó ilé tó ń ṣàlàyé ìwà ara rẹ̀ fún oníbàárà iṣu.

Mo ní kí ọkọ mi lọ wa iṣu fún àlejò. Kò dúró gbọ́ ìyókù. Ó mú ọkọ́, ó wọnú oko lọ, ẹsẹ̀ rẹ̀ yá ju ti ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ wa lọ.

Obìnrin náà jókòó sórí àpótí níwájú ahéré, ó gbé báàgì lé itan, ó ń wò. Mo gbàdúrà kí iṣu tètè dé. Sylvanus ní tiẹ̀ ń wo obìnrin náà, mo sì rí i lójú rẹ̀ pé ìyọnu ń bọ̀. Kò tíì rí ẹni tó máa ṣe oníbàárà ńlá. Ohun tó ní lọ́kàn ni pé kó gbé kámẹ́rà lé orí ebè iṣu kan, kí òun fúnra rẹ̀ sáré wá síwájú rẹ̀.

Ó lọ dọ̀bálẹ̀ fún un. Ó dọ̀bálẹ̀ púpọ̀ lọ́jọ́ náà, gbogbo àyà ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ló ti di pupa. Obìnrin náà kọ̀. Ó ní iṣu lòun wá rà. Sylvanus ní ohun tí òun ń wá gan-an nìyẹn, ẹni tó mọ bí wọ́n ti ń ná ọjà. Ó ní kó kàn jókòó síbẹ̀ kó ná ọjà, òun kò bẹ̀ ẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Obìnrin náà ya ẹnu láti sọ̀rọ̀, ó sì tún pa á dé. Ó wò mí, mo wo ilẹ̀. Mo mọ ohun tó ń rò. Tó bá ní òun ní orúkọ rere tí òun kò fẹ́ bàjẹ́, a máa béèrè pé orúkọ wo. Tó bá ní ẹbí òun kò ní gbà, a máa béèrè pé ẹbí wo. Oníṣu tí kò ju oníṣu lọ kò ní ìdí kankan láti kọ̀. Ó dìde, ó wá ẹni tó máa bá a mú báàgì, ó sì gbé e fún Lateef.

Bí Sylvanus ti ń ṣe fíìmù rẹ̀ nìyí: kò sí ìwé tí a kọ ọ̀rọ̀ sí. Á sọ ohun tó fẹ́ kó ṣẹlẹ̀, ìwọ á sì fi ẹnu ara rẹ sọ ọ́. Ó ní Màdáàmù Ewé fẹ́ tajà, ṣùgbọ́n oníbàárà kò tíì gbà á gbọ́, ó fẹ́ mọ irú èèyàn tó jẹ́. Wọ́n á sọ̀rọ̀, wọ́n á fẹnu kò. Nígbà tí òun bá gbé ọwọ́ sókè, Lateef á fò jáde látẹ̀yìn ahéré pẹ̀lú ìbọn, á mú àwọn méjèèjì, fíìmù á parí. Lateef lọ lúgọ. Sylvanus ní ó yá.

Mo kí i pé ó kú ìrìn. Ó kí mi pé mo kú oko. Mo béèrè ilé, mo béèrè ọ̀nà. Sylvanus ń mi orí lẹ́yìn kámẹ́rà, pé àwọn onígbó kì í kíra wọn báyìí. Ṣùgbọ́n èmi kò lè bá ẹni tí n kò tíì kí dúnàá dúrà.

Obìnrin náà wo àpò tó wà lábẹ́ ẹsẹ̀ mi. Ó ní, "Èmi kì í ra ọjà lọ́wọ́ ẹni tí n kò mọ ìdílé rẹ̀. Ta ni bàbá yín?"

Sylvanus gbé àtàǹpàkò sókè, inú rẹ̀ dùn.

"Olùkọ́ ìjọ ni bàbá mi," mo ní. "Kátólíìkì. Ó kọ́ àwọn ọmọdé ní katikísímù títí ó fi kú."

Àtàǹpàkò Sylvanus wálẹ̀.

"Ṣé kò ṣàìsàn orí rí?"

"Rárá o. Etí ni kò gbọ́ràn mọ́ nígbà tó dàgbà."

"Ìyá yín ńkọ́?"

"Ó máa ń bú èèyàn, ṣùgbọ́n kì í pẹ́ bínú. Tó bá bú ẹ láàárọ̀, á bu oúnjẹ fún ẹ lọ́sàn-án."

Ó mi orí. Ó sún mọ́ mi. Ó béèrè bóyá mo ní ọmọbìnrin, mo ní mo ní ọ̀kan. Ó béèrè bóyá ọmọ náà ń gbọ́ràn. Mo ní ó ń gbọ́ràn, bí ọ̀rọ̀ tí a sọ bá ti bọ́gbọ́n mu. Ó di ojú kan nígbà tó gbọ́ ìyẹn.

"Ṣé ó mọ oúnjẹ sè?"

Mo lè purọ́. Kámẹ́rà ń ṣiṣẹ́, Màdáàmù Ewé ni mí, irọ́ ni iṣẹ́ mi. Ṣùgbọ́n obìnrin náà tẹjú mọ́ mi.

"Ó mọ̀ ọ́n sè. Ó máa ń fi iyọ̀ púpọ̀ sí i. Mo ti ń bá a wí."

"Ọkọ yín, ṣé ó máa ń nà yín?"

"Kò nà mí rí. Tí ọ̀rọ̀ bá ti le, oko ló máa ń sá lọ. Ẹ̀yin náà ṣáà rí i ní àìpẹ́ yìí."

Ẹnu rẹ̀ fẹ́ rẹ́rìn-ín, ó kó o padà. Sylvanus kò tíì gbé ọwọ́ sókè. Ó ti gbàgbé. Ó sọ fún mi lẹ́yìn náà pé òun kò rí àwọn onígbó tó ń bára wọn sọ̀rọ̀ báyìí rí, òun fẹ́ gbọ́ bó ṣe máa parí.

Obìnrin náà gbé ọwọ́ lé àpò. Ohùn rẹ̀ rọlẹ̀. "Ẹ̀yin tí ẹ wá láti irú ilé bẹ́ẹ̀, kí ló dé tí ẹ ń ṣe irú òwò yìí?"

Mo mọ̀ pé ìbéèrè tó wá béèrè gan-an nìyẹn, àti pé ìdáhùn mi ló máa gbé lọ sí Ìkàrẹ́. Mo yọ awò ojú. Sylvanus ń ju ọwọ́, pé kí n dá a padà.

"Àbúrò mi ló bẹ̀ mí," mo ní. "Ó bẹ gbogbo èèyàn, gbogbo wọn kọ̀. Èmi ni mo tọ́ ọ dàgbà. Tí èmi náà bá kọ̀ ọ́, ta ló kù tó máa gbà á?"

Ó ki ọwọ́ sínú àpò, ó bu ewé, ó fi ìka rún un, ó gbóòórùn rẹ̀.

"Ewé yín kò gbẹ dáadáa," ó ní. "Ṣùgbọ́n màá gbà á bẹ́ẹ̀."

Sylvanus ì bá rántí gbé ọwọ́ sókè nígbà yẹn, ṣùgbọ́n Lateef kò lè dúró mọ́. Ibi tó lúgọ sí, ojú ọ̀nà ìjàlọ ni. Wọ́n ti wọ inú ṣòkòtò rẹ̀ láti ìgbà tí a ti ń sọ̀rọ̀ bàbá mi, ó sì ti fara dà á títí dé orí iyọ̀. Ó fò jáde, ó ń jó. Ìbọn wà lọ́wọ́ kan, ọwọ́ kejì wà nínú ṣòkòtò, báàgì obìnrin náà sì kọ́ èjìká rẹ̀. Imú rẹ̀ dúdú fún èédú.

"Ẹ gbé ọwọ́ yín sókè," ó ní, ó sì ń fò láti ẹsẹ̀ kan bọ́ sí èkejì. "Èmi kì í ṣe ọlọ́kadà. Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ni mí."

Mo gbé ọwọ́ mi sókè. Obìnrin náà kò gbé tirẹ̀. Lateef fa ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ jáde látinú àpò jákẹ́ẹ̀tì rẹ̀. A kò rí ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ tòótọ́, ẹ̀wọ̀n ajá aládùúgbò Sylvanus ni wọ́n yá, irun ajá ṣì wà lára rẹ̀. Bó ti nà án sí i, obìnrin náà wò ó, ó wo Lateef láti òkè dé ilẹ̀.

"Ẹ̀wọ̀n ajá lo fẹ́ fi sí mi lọ́wọ́? Gbé báàgì mi wá."

"Ẹ má bínú, mà," ni ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ wí. Ó bọ́ báàgì náà léjìká, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún un. Ó wá yíjú sí mi, ó mú èmi nìkan. Bátìrì kámẹ́rà sì kú níbẹ̀, nítorí náà bí fíìmù náà ti parí nìyẹn títí dòní: wọ́n mú Màdáàmù Ewé, oníbàárà ńlá gba báàgì rẹ̀, ó bá tirẹ̀ lọ.

Ọkọ mi kó iṣu dé. Mo dá iye kan lé e. Obìnrin tó fi ewé ẹ̀gẹ́ lásán ṣe gbogbo àyẹ̀wò yẹn kò ná iṣu rárá, kò tẹ̀ ẹ́ wò, kò yí i padà, ó kàn sanwó. Bí mo bá ti ń ṣiyèméjì tẹ́lẹ̀, ó dá mi lójú nígbà yẹn. Lateef di iṣu mọ́ iwájú àti ẹ̀yìn ọ̀kadà, obìnrin náà jókòó sí àárín iṣu, ó gbá báàgì mọ́ra, wọ́n lọ. Kò sọ orúkọ rẹ̀ fún wa. A kò béèrè.

Ìgbà tí mo délé, mo sọ fún Folúkẹ́. Kò pariwo mọ́ mi. Ó béèrè ohun tí mo sọ nípa òun, mo sọ fún un. Ó ní, "Màmá, ẹ tiẹ̀ ní láti sọ ti iyọ̀?" Ó wọ yàrá lọ. Láti ìgbà yẹn ni kò ti fi iyọ̀ sí ọbẹ̀ mọ́. A ń jẹ ọbẹ̀ tẹ́ẹ́, kò sí ẹni tó lè bá a wí.

A kò gbọ́ nǹkan kan fún ìgbà pípẹ́. Olúgbádé náà kò mọ nǹkan kan. Lẹ́yìn náà alárinà wá, ó ní wọ́n ń bọ̀.

Wọ́n fi bọ́ọ̀sì wá láti Ìkàrẹ́. Bàbá Akínbọ̀wálé, ẹ̀gbọ́n bàbá Olúgbádé, ló ṣáájú wọn. Àgbàlagbà tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ kóòtù ni wọ́n, wọ́n wọ awò ojú tó nípọn, wọn kì í rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn wọn ni oníbàárà iṣu wa, pẹ̀lú báàgì dúdú yẹn kan náà. Wọ́n ní Àbẹ̀ẹ́bí lorúkọ rẹ̀, àbúrò bàbá ọkọ, aṣọ ló ń tà ní Ìkàrẹ́. Mo kúnlẹ̀, mo ní inú mi dùn láti mọ̀ wọ́n. Ó ní inú òun náà dùn, òun kò mọ Ọ̀wọ̀ dáadáa. Mo ní kí wọ́n máa wá. Ọkọ mi ń wo òrùlé.

A kò tíì jókòó tán tí Bàbá Akínbọ̀wálé fi bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀. Wọ́n ní àwọn kò fẹ́ fi nǹkan pamọ́. Wọ́n ní àwọn gbọ́ nínú ọkọ̀ láti ẹnu èrò pé ìyá ìyàwó ń ta igbó nínú fíìmù. Ìdílé àwọn ní orúkọ, kí ọ̀rọ̀ tó kọjá ibi tó dé, àwọn fẹ́ fi ojú ara àwọn rí i.

Folúkẹ́ tẹ orí mọ́lẹ̀.

Àǹtí Àbẹ̀ẹ́bí ní fíìmù náà kò tó ohun tí àgbà ń wò, kí a máa bá ọ̀rọ̀ lọ.

"Báwo lo ṣe mọ̀?" Bàbá béèrè.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í húkọ́. Wọ́n fún un lómi.

Sylvanus ní tiẹ̀ kò rí ewu kankan níbẹ̀. Ó ti ń wá ẹni tó máa wo fíìmù rẹ̀ láti ọjọ́ yìí. Ó sáré lọ mú kásẹ́ẹ̀tì wá. Bó ti ń kì í bọ inú fídíò, iná lọ. Mo gbọ́ tí ọkọ mi ní kí Ọlọ́run ṣeun. Ṣùgbọ́n Sylvanus ní kí a má ṣèyọnu, jẹnẹrétọ̀ tí òun fi ń ṣiṣẹ́ ìsìnkú wà níta. Ó tàn án. Mi ò bú àbúrò mi lójú àlejò rí, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ náà.

Àwòrán jáde. Èmi nìyẹn pẹ̀lú wíìgì, ẹsẹ̀ mi lórí àpò. Bàbá Akínbọ̀wálé mi orí, mo mọ̀ pé ó ti bàjẹ́. Lẹ́yìn náà àwòrán mì tìtì, nítorí pé Sylvanus ń lé eṣinṣin, nígbà tó sì dúró, Àǹtí Àbẹ̀ẹ́bí ló wà níbẹ̀.

Ohùn rẹ̀ jáde látinú tẹlifíṣọ̀n, ó ń béèrè bàbá mi. Gbogbo rẹ̀ kọjá bẹ́ẹ̀, orí tí kò ṣàìsàn, etí tí kò gbọ́ràn, ọkọ mi tó ń sá lọ sóko. Nígbà tó dé orí iyọ̀, Olúgbádé rẹ́rìn-ín, ó yára pa á mọ́. Bàbá wo tẹlifíṣọ̀n, wọ́n wo àbúrò wọn, wọ́n tún wo tẹlifíṣọ̀n. Nígbà tó wá bu ewé, tó gbóòórùn rẹ̀, wọ́n yọ awò ojú wọn.

"Àbẹ̀ẹ́bí."

"Ẹ̀gbọ́n mi."

"Ìwọ lò ń ra igbó yẹn?"

Ó gbé omi tó kù mu. Ó tún gèlè rẹ̀ ṣe. "Iṣẹ́ tí ẹ rán mi ni mo lọ jẹ́," ó ní. "Ẹ ní kí n wádìí wọn, kí ẹnikẹ́ni má mọ ẹni tí mo jẹ́. Mo wádìí wọn. Ẹ gbọ́ gbogbo ohun tí mo bi wọ́n, ẹ gbọ́ ohun tí wọ́n dá mi lóhùn. Ẹ bi wọ́n léèrè bóyá wọ́n mọ̀ mí."

Bàbá yíjú sí wa.

Mo ní, "Oníbàárà iṣu kan ló wá sóko wa lọ́jọ́ náà, sà. Ó jọ wọ́n díẹ̀."

Bàbá ní kí Sylvanus dá kásẹ́ẹ̀tì padà sí ibi tí Àbẹ̀ẹ́bí ti béèrè ìdí tí mo fi ń ṣòwò náà. Wọ́n tún gbọ́ ọ. Wọ́n wo Sylvanus tó jókòó sílẹ̀ lẹ́bàá tẹlifíṣọ̀n, epo jẹnẹrétọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, tó ń rẹ́rìn-ín músẹ́ sí fíìmù rẹ̀. Wọ́n jẹ́ kó máa lọ títí Lateef fi fò jáde.

"Ọlọ́pàá yìí," wọ́n ní, "kí ló ń jó sí?"

"Ìjàlọ ni, sà," Sylvanus dáhùn.

Ẹ̀rín kọ́kọ́ mú wọn ní èjìká. Ìgbà tí ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ wá gbé báàgì fún àbúrò wọn tó ní kó má bínú, awò ojú bọ́ lọ́wọ́ wọn, wọ́n di àga mú. Gbogbo ilé bá wọn rẹ́rìn-ín, àfi Àǹtí Àbẹ̀ẹ́bí. Nígbà tí wọ́n lè sọ̀rọ̀, wọ́n ní ní ti orúkọ tí àwọn ń sọ, kò sí ìdílé tó lè bú ìkejì mọ́. Tí àwọn bá kọ ọmọ yìí sílẹ̀ lónìí, fíìmù á ṣáà jáde, àbúrò àwọn nìkan ló máa dá gbé ìtìjú ní Ìkàrẹ́. Ó sàn kí ó ní àna tí wọ́n á jọ máa gbé e. Wọ́n ní kí wọ́n gbé ẹrù ìtọrọ wọlé.

Folúkẹ́ sunkún. Lẹ́yìn ìyẹn ó wọ ilé ìdáná, ó fi iyọ̀ sí ọbẹ̀ àwọn àlejò. Ó pọ̀ jù. Wọ́n jẹ ẹ́ tán.

Ìgbà tí wọ́n fẹ́ wọ bọ́ọ̀sì, Àǹtí Àbẹ̀ẹ́bí dúró lẹ́yìn. Ó wò yíká bóyá ẹnikẹ́ni ń gbọ́, ó wá sún mọ́ mi.

"Ọ̀kan nínú iṣu yẹn," ó ní, "inú rẹ̀ ti jẹrà."

Mo ní ẹni tó bá jẹ́ oníṣu lóòótọ́ ì bá ti tẹ̀ ẹ́ wò kó tó sanwó.

Ó di ojú kan, ó gbé báàgì rẹ̀, ó wọ bọ́ọ̀sì.